Àwọn Ohun Tí Messier Kò Wá Lójú Ọ̀run

Àwọn àgbà ní Àgùàlà ń bá oṣù rìn, wọ́n ṣe bí ajá rẹ̀ ni. Ẹni tí ó bá ronú jinlẹ̀ sí òwe yìí yóò rí i pé gbogbo ìyọnu àwọn tí ń fi ojú ọ̀run kọ́ ọgbọ́n ni ó kó sínú ìwọ̀nba ọ̀rọ̀ díẹ̀: pé nǹkan méjì lè fẹ̀gbẹ́ kẹ́gbẹ́ lókè lójú àwa tí a wà nílẹ̀, kí wọ́n máa yọ pọ̀, kí wọ́n sì máa wọ̀ pọ̀, síbẹ̀ kí ohunkóhun má pa wọ́n pọ̀ ju pé ojú kan náà ni a fi ń wò wọ́n. Òṣùpá kò jìnnà sí wa ju nǹkan bí 384,000 kìlómítà lọ. Ṣùgbọ́n Àgùàlà, tí àwọn Òyìnbó ń pè ní Venus, ní ọjọ́ tí ó bá tilẹ̀ sún mọ́ wa jù lọ, a máa jìnnà tó òṣùpá ní nǹkan bí ìlọ́po ọgọ́rùn-ún. Bí ó bá ṣe pé ajá ni, ajá tí ó tóbi ju olówó rẹ̀ lọ ni, nítorí pé Àgùàlà fẹ́rẹ̀ẹ́ tó ayé wa yìí ní títóbi, nígbà tí ìbú òṣùpá kò ju nǹkan bí ìdámẹ́rin ìbú ayé lọ. Ọ̀rọ̀ tí mo fẹ́ sọ kò ju èyí náà lọ: ẹni tí kò bá mọ bí nǹkan ti jìnnà tó, kò lè mọ bí ó ti tóbi tó, ẹni tí kò bá sì mọ bí ó ti tóbi tó, kò tíì mọ ohun tí ó jẹ́.

Ní alẹ́ tí òṣùpá kò bá yọ, tí òjò ti fọ eruku ojú sánmọ̀ nù, tí iná ìlú kò sì sí nítòsí, ẹni tí ó bá dúró ní gbalasa oko yóò rí i pé kì í ṣe ìràwọ̀ nìkan ni ó wà lókè. Láàárín àwọn ìràwọ̀ ọ̀kẹ́ àìmọye, a-tàn-má-jóni, àwọn ohun kan wà tí wọn kò mú ojú bí ìràwọ̀, tí wọ́n kàn rí fẹ́ẹ́rẹ́ bí èémí tí ènìyàn mí sí ojú dígí. Oríṣi mẹ́ta ni wọ́n. Àwọn kan jẹ́ agbo ìràwọ̀, ìyẹn ni àwọn ìràwọ̀ tí a bí pọ̀ tí wọ́n sì ń rìn pọ̀. Àwọn kan jẹ́ kùrukùru tòótọ́, gáàsì àti eruku tí ó tẹ́ rẹrẹ sí àyè tí ó fẹ̀ ju gbogbo àkóso oòrùn wa lọ. Àwọn kan sì jẹ́ ìṣùpọ̀ ìràwọ̀, tí ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn lè kó ọgọ́rọ̀ọ̀rún bílíọ̀nù ìràwọ̀ sínú, irú èyí tí oòrùn tiwa náà jẹ́ ọmọ inú rẹ̀, tí a sì ń rí ara rẹ̀ lóru bí ọ̀nà funfun tí ó la ojú ọ̀run já. Fún ọ̀pọ̀lọpọ̀ ọdún ni ọmọ aráyé fi ka mẹ́tẹ̀ẹ̀ta sí ohun kan náà, nítorí pé bákan náà ni wọ́n rí lójú.

Ọkùnrin tí orúkọ rẹ̀ ti lẹ̀ mọ́ wọn títí di òní kò wá wọn rárá. Charles Messier ni. Wọ́n bí i ní 1730 ní Badonviller, ní ẹkùn Lorraine, ó sì wọ Páríìsì ní 1751, níbi tí Joseph-Nicolas Delisle, onímọ̀ ìràwọ̀ fún àwọn ọmọ ogun ojú omi ilẹ̀ Faransé, ti gbà á síṣẹ́ nítorí pé ọwọ́ ìkọ̀wé rẹ̀ mọ́, ó sì mọ àwòrán yà. Ohun tí ó gba ọkàn àwọn ọ̀mọ̀wé nígbà náà ni ìràwọ̀ onírù tí Edmond Halley, ọmọ ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì, ti sọ tẹ́lẹ̀ kí ó tó kú pé yóò padà wá ní nǹkan bí ìparí 1758. Delisle ya ọ̀nà tí ó rò pé àlejò náà yóò gbà, ó sì fi lé Messier lọ́wọ́. Ṣùgbọ́n ọ̀nà náà kò tọ̀nà, bẹ́ẹ̀ ni ọmọ iṣẹ́ kò sì ní yẹ àṣẹ ọ̀gá, Messier sì ń wo ibi tí kò sí nǹkan kan láti oṣù dé oṣù. Àgbẹ̀ kan ní ẹkùn Saxony ní ilẹ̀ Jámánì, Johann Georg Palitzsch, ni ó kọ́kọ́ rí ìràwọ̀ náà, ní ọjọ́ Kérésìmesì 1758. Messier kò rí i títí di ọjọ́ 21 oṣù kìíní 1759, kò sì tíì gbọ́ nígbà náà pé ẹnìkan ti ṣáájú òun.

Nínú wíwá kiri yìí ni nǹkan mìíràn ti ko ó lójú. Ní ọjọ́ 28 oṣù kẹjọ 1758, bí ó ti ń tọpa ìràwọ̀ onírù mìíràn, ó kan ohun funfun bàìbàì kan ní ẹ̀gbẹ́ ìwo ìràwọ̀ Akọ Màlúù. Ó jọ ìràwọ̀ onírù délẹ̀délẹ̀, àfi ohun kan: ìràwọ̀ onírù a máa ṣí nípò láti alẹ́ dé alẹ́, èyí kò ṣí. Messier kọ ipò rẹ̀ sílẹ̀ kí ó má baà tún tan òun tàbí ẹlòmíràn jẹ, ó sì fún un ní nọ́ńbà kìíní. Láti ibẹ̀ ni ìwé náà ti ń gùn sí i: ohun 45 ni ó wà nínú èyí tí a kọ́kọ́ tẹ̀ jáde ní 1774, nígbà tí yóò fi di 1781, pẹ̀lú ìrànlọ́wọ́ ọ̀rẹ́ rẹ̀ Pierre Méchain, wọ́n ti di 103, àwọn tí ó dé lẹ́yìn rẹ̀ sì fi kún un títí ó fi pé 110. Ìwé àwọn aṣinilọ́nà ni Messier pète láti kọ, kí ọdẹ ìràwọ̀ onírù lè mọ ohun tí kò yẹ kí ó yọ ọ́ lẹ́nu. Ṣùgbọ́n ohun tí ó wà lẹ́yìn ẹ̀fà, ó ju èje lọ. Àwọn ìràwọ̀ onírù tí ó fi gbogbo ọjọ́ ayé rẹ̀ wá, díẹ̀ ni ẹni tí ó lè dárúkọ ọ̀kan nínú wọn lónìí. Ohun tí ó kọ̀ sílẹ̀ pé kò wúlò ni gbogbo ayé fi ń rántí rẹ̀.

Ẹ jẹ́ kí a ṣí ìwé náà wò díẹ̀. Nọ́ńbà kìíní, ìràwọ̀ tí ó ti bú gbàmù ni. Àwọn ará Ṣáínà rí ìbúgbàmù náà ní oṣù keje ọdún 1054, wọ́n sì kọ ọ́ sílẹ̀ pé ìràwọ̀ àlejò kan yọ tí ó mọ́lẹ̀ débi pé wọ́n rí i ní ọ̀sán gangan fún ọjọ́ 23. Ohun tí Messier rí jẹ́ àfọ́kù ìràwọ̀ náà tí ó ṣì ń fẹ̀ lọ. Ní 1968 ni àwọn onímọ̀ wá rí i pé kùkùté rẹ̀ ṣì wà láàárín, ìràwọ̀ kékeré kan tí ń yí po ní nǹkan bí ìgbà ọgbọ̀n láàárín ìṣẹ́jú àáyá kan. Nọ́ńbà 45 ni agbo ìràwọ̀ tí ìwé Jóòbù nínú Bíbélì dárúkọ, tí ojú lásán lè ka mẹ́fà tàbí méje nínú wọn, bẹ́ẹ̀ iye wọn ju ẹgbẹ̀rún lọ. Èwe ni wọ́n láàárín ìràwọ̀, nítorí pé ọjọ́ orí wọn kò ju nǹkan bí ọgọ́rùn-ún mílíọ̀nù ọdún lọ. Nọ́ńbà 13 sì jẹ́ agbo àwọn arúgbó, ọgọ́rọ̀ọ̀rún ẹgbẹ̀rún ìràwọ̀ tí wọ́n fún mọ́ra, tí wọ́n ti dàgbà kí a tó dá oòrùn wa rárá.

Nọ́ńbà 42 yẹ fún ìdúró díẹ̀, nítorí pé ẹnikẹ́ni lè rí i láìyá awò kankan. Ìràwọ̀ mẹ́ta kan wà tí wọ́n tò gbọọrọ, tí àwọn Òyìnbó fi ṣe àmùrè ọdẹ tí wọ́n ń pè ní Orion. Lábẹ́ wọn ni mẹ́ta mìíràn tí wọn kò mọ́lẹ̀ tó bẹ́ẹ̀ ti so rọ̀. Ẹ tẹjú mọ́ èyí tí ó wà láàárín, ẹ ó rí i pé kò mú bí àwọn èkejì rẹ̀. Bí ẹ bá gbé awò kékeré lé ojú, etí rẹ̀ á fọ́nká, á sì di kùrukùru. Bí ẹ bá sì fi awò awọ̀nàjíjìn tí ó lágbára wò ó, ẹ ó rí ìràwọ̀ mẹ́rin tí wọ́n fún mọ́ra ní àárín gbùngbùn, tí ìmọ́lẹ̀ wọn, pàápàá ti èyí tí ó tóbi jù, ń mú gáàsì tí ó yí wọn ká tàn. Ibẹ̀ ni ìràwọ̀ ti ń bí. Gáàsì tútù a máa fà mọ́ra nítorí ìwúwo ara rẹ̀, bí ó bá sì ti ń sún kì ni àárín rẹ̀ ń gbóná, títí iná inú rẹ̀ yóò fi ràn. Ibi ìbí, agbo èwe, agbo àgbà àti ojú oórì: gbogbo rẹ̀ ni Messier kó sínú ìwé kan ṣoṣo láìmọ ìyàtọ̀ wọn, nítorí pé kò sí ẹni tí ó lè sọ fún un bí ọ̀kọ̀ọ̀kan ti jìnnà tó.

Àwọn tí ó gba iṣẹ́ náà ṣe lẹ́yìn rẹ̀ ni William Herschel àti Caroline àbúrò rẹ̀ obìnrin, àwọn ọmọ Hanover tí wọ́n lọ fi ilẹ̀ Gẹ̀ẹ́sì ṣe ilé. Olórin ni William ní ìlú Bath, ṣùgbọ́n ìfẹ́ ìràwọ̀ wọ̀ ọ́ lára débi pé ó ń fi ọwọ́ ara rẹ̀ lọ dígí awò. Caroline kọ ọ́ sílẹ̀ pé ní ọjọ́ kan tí ẹ̀gbọ́n òun ń dán dígí, kò gbé ọwọ́ kúrò lára rẹ̀ fún wákàtí 16 gbáko, òun ni ó sì ń fi oúnjẹ sí i lẹ́nu díẹ̀díẹ̀ kí ebi má baà pa á. Láti 1783 títí di 1802, ẹ̀gbọ́n a gun àkàbà lóru, a máa ké ohun tí ó bá rí jáde; àbúrò a jókòó ti àtùpà, a máa kọ ọ́, a sì tún gbogbo rẹ̀ ṣe bí ilẹ̀ bá mọ́. Nípa bẹ́ẹ̀ ni wọ́n fi sọ ìwé Messier di kékeré: ohun tí wọ́n kó jọ tó 2,500. Ọba George Kẹta kò jẹ́ kí iṣẹ́ Caroline já sí asán, nítorí pé láti 1787 ni ó ti ń san àádọ́ta pọ́n-ùn fún un lọ́dọọdún, owó iṣẹ́ ìmọ̀ ìràwọ̀ fún obìnrin ní ayé ìgbà tí obìnrin kì í gbà á.

Awò Herschel tú àṣírí púpọ̀. Ọ̀pọ̀ ohun tí Messier pè ní kùrukùru fọ́nká sí ìràwọ̀ lójú rẹ̀, ó sì fẹ́rẹ̀ẹ́ gbà pé bí awò bá ti le tó, kò ní sí kùrukùru tí kò ní di ìràwọ̀. Ṣùgbọ́n ní oṣù kọkànlá 1790 ó rí ìràwọ̀ kan tí kùrukùru yí ká bí adé, ìràwọ̀ náà sì wà ní àárín gan-an; ó gbà pé kùrukùru tòótọ́ wà. Nígbà náà, èwo ni ìràwọ̀, èwo ni kùrukùru? Ọ̀nà kan kò wọ ọjà. Nígbà tí awò ńlá kò lè parí ẹjọ́ náà, William Huggins ní Lọ́ńdọ̀nù gba ọ̀nà mìíràn: ó mú kí ìmọ́lẹ̀ gba inú gíláàsì onígun mẹ́ta kọjá kí àwọ̀ rẹ̀ lè ya sọ́tọ̀. Ìmọ́lẹ̀ ìràwọ̀ a máa tẹ́ bí òṣùmàrè. Gáàsì tí ń tàn kì í tẹ́ bẹ́ẹ̀, ìlà díẹ̀ tí ó dá dúró ni ó máa ń fi hàn. Ní ọjọ́ 29 oṣù kẹjọ 1864, ó dojú ohun èlò rẹ̀ kọ kùrukùru kan nínú ìràwọ̀ Dírágónì, kò sì rí òṣùmàrè. Ìlà ni ó rí. Gáàsì ni. Ṣùgbọ́n nígbà tí ó yí i sí nọ́ńbà 31 nínú ìwé Messier, èyí tí ó wà nínú ìràwọ̀ Andromeda, òṣùmàrè ni ó yọ, bí ẹni pé ìràwọ̀ ni gbogbo rẹ̀, bẹ́ẹ̀ kò sí awò tí ó tíì rí ẹyọ ìràwọ̀ kan nínú rẹ̀.

Nọ́ńbà 31 yìí kì í ṣe àjèjì. Abd al-Rahman al-Sufi, ọ̀mọ̀wé ilẹ̀ Páṣíà, ti mẹ́nu kàn án nínú ìwé rẹ̀ ní nǹkan bí 964 pé ìkùukùu kékeré ni. Láti 1845, tí Lord Rosse ti gbé awò kan tí dígí rẹ̀ fẹ̀ ní ẹsẹ̀ bàtà mẹ́fà kalẹ̀ ní Birr ní ilẹ̀ Ireland, ni a sì ti mọ̀ pé irú àwọn ohun bẹ́ẹ̀ kan lọ́ yípo bí ẹni fi ọ̀pá ro omi. Nínú ilé wa ni wọ́n wà ni, àbí lóde? Oko kì í jẹ́ ti bàbá tọmọ kó má ní ààlà. Ààlà ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ tiwa ni àwọn ọ̀mọ̀wé ń dù mọ́ ara wọn lọ́wọ́. Ní ọjọ́ 26 oṣù kẹrin 1920, Harlow Shapley àti Heber Curtis dìde ní Washington, olúkúlùkù ro ẹjọ́ tirẹ̀. Shapley, tí ó ti fi hàn pé oòrùn kò sí ní àárín ìṣùpọ̀ wa rárá, ní ìṣùpọ̀ wa fẹ̀ tó 300,000 ọdún ìmọ́lẹ̀, ìyẹn ni ọ̀nà tí ìmọ́lẹ̀ yóò fi 300,000 ọdún rìn, àwọn alọ́yípo kò sì ju ọmọ ọ̀dọ̀ lẹ́bàá rẹ̀ lọ. Curtis ní rárá, ọba ni ọ̀kọ̀ọ̀kan wọn ní àyè tirẹ̀. Wọ́n sọ̀rọ̀ títí, wọ́n túká, nítorí pé òṣùwọ̀n tí ì bá parí ìjà náà kò sí lọ́wọ́ èyíkéyìí nínú wọn.

Bẹ́ẹ̀ òṣùwọ̀n náà ti wà nílẹ̀. Henrietta Leavitt, obìnrin tí etí rẹ̀ ti di, ń ṣiṣẹ́ ní ilé ìwòràwọ̀ Harvard ní Amẹ́ríkà, níbi tí a ti ń fún àwọn obìnrin ní fọ́tò ojú ọ̀run láti máa fi awò gbígbéga wò kínníkínní, kí wọ́n ṣe ìṣirò fún owó táṣẹ́rẹ́. Àwọn fọ́tò tirẹ̀ wá láti Arequipa ní ilẹ̀ Peru, wọ́n sì yà wọ́n sí ìkùukùu kékeré Magellan, èyí tí ó wà ní ìhà gúúsù. Àwọn ìràwọ̀ kan wà nínú rẹ̀ tí ìmọ́lẹ̀ wọn ń pọ̀, tí ó sì ń dínkù, tí ó sì ń tún pọ̀, ní àkókò tí kì í yẹ̀. Ní 1912, Leavitt to 25 nínú wọn lẹ́sẹẹsẹ, ó sì rí i pé èyí tí àkókò rẹ̀ bá gùn jù ni ó mọ́lẹ̀ jù. Nítorí pé ibì kan náà ni gbogbo wọn wà, ọ̀nà kan náà ni wọ́n sì jìnnà sí wa, kì í ṣe ìtòsí ni ó mú ọ̀kan mọ́lẹ̀ ju èkejì. Agbára ara rẹ̀ ni. Láti ìgbà náà, ẹni tí ó bá ti ka iye ọjọ́ tí irú ìràwọ̀ bẹ́ẹ̀ fi ń pọ̀ tí ó fi ń dínkù ti mọ bí agbára rẹ̀ ti tó. Bí ó bá fi èyí wé bí ó ti rí bàìbàì lójú, ó ti mọ bí ó ti jìnnà tó.

Ó ku kí ẹnìkan rí irú ìràwọ̀ náà nínú Andromeda. Lóru ọjọ́ 5 mọ́jú ọjọ́ 6 oṣù kẹwàá 1923, Edwin Hubble fi awò tí dígí rẹ̀ fẹ̀ ní 100 ínǹṣì ní orí òkè Mount Wilson, nítòsí Los Angeles, ya fọ́tò sára àwo gíláàsì. Ó rí ìmọ́lẹ̀ mẹ́ta tí ó rò pé ìràwọ̀ tí ó ṣẹ̀ṣẹ̀ bú ni wọ́n, ó sì fi lẹ́tà N sàmì sí ọ̀kọ̀ọ̀kan. Nígbà tí ó wá fi wé àwọn fọ́tò àtijọ́, ó rí i pé ọ̀kan nínú wọn kò bú. Ó ń pọ̀ ni, ó ń dínkù ni. Ó fi yíǹkì fa ìlà gba orí N náà, ó kọ VAR sí ẹ̀gbẹ́ rẹ̀, ó sì fi àmì ìyanu gbè é lẹ́yìn. Òṣùwọ̀n Leavitt ni ó fi wọ̀n ọ́n: nǹkan bí 900,000 ọdún ìmọ́lẹ̀. Bí Shapley ti fa ààlà ilé wa gùn tó yẹn, Andromeda ṣì wà lóde fíìfíì. Ní ọjọ́ kìíní oṣù kìíní 1925 ni a ka àbájáde náà sétígbọ̀ọ́ àwọn ọ̀mọ̀wé ní Washington. Leavitt kò sí láyé mọ́ láti gbọ́ ọ, nítorí pé ó ti papò dà ní oṣù kejìlá 1921. Ọmọdé gbọ́n, àgbà gbọ́n, ni a fi dá Ifẹ̀: ẹni tí ó dá òṣùwọ̀n kò fi gun orí òkè, ẹni tí ó gun orí òkè kò ní òṣùwọ̀n tirẹ̀.

Iṣẹ́ kò tíì parí níbẹ̀. Nígbà Ogun Àgbáyé Kejì, tí a ní kí gbogbo Los Angeles máa pa iná wọn lóru, Walter Baade rí òkùnkùn tí ó tó ní Mount Wilson láti fi wo inú Andromeda dáadáa, èyí sì mú un mọ̀ pé oríṣi méjì ni àwọn ìràwọ̀ olóṣùwọ̀n náà, tí agbára wọn kò dọ́gba. Ní 1952 ó kéde rẹ̀, gbogbo ìwọ̀n ayé ìṣùpọ̀ ìràwọ̀ sì di ìlọ́po méjì lẹ́ẹ̀kan náà. Iye tí a gbà lónìí fún Andromeda jẹ́ mílíọ̀nù méjì àti ààbọ̀ ọdún ìmọ́lẹ̀. Ìmọ́lẹ̀ a máa rin nǹkan bí 300,000 kìlómítà ní ìṣẹ́jú àáyá kan. Ti oòrùn a dé ọ̀dọ̀ wa láàárín ìṣẹ́jú mẹ́jọ ó lé díẹ̀. Ti Andromeda tí ó wọlé sí wa lójú lálẹ́ yìí ti gbéra kí irú ènìyàn bí tiwa tó wà láyé. Ìṣùpọ̀ náà sì ń bọ̀ wá sí ọ̀dọ̀ wa ní nǹkan bí 110 kìlómítà láàárín ìṣẹ́jú àáyá kọ̀ọ̀kan. Bí ó bá tilẹ̀ ṣẹlẹ̀ pé òun àti tiwa wọ inú ara wọn lẹ́yìn ọ̀pọ̀ bílíọ̀nù ọdún, ìràwọ̀ méjì kò ní fẹ́rẹ̀ẹ́ kọlu ara wọn, nítorí àyè tí ó wà láàárín wọn pọ̀ rékọjá. Ojú ọ̀run tó ẹyẹ fò láìfara kanra, ó sì tó ìràwọ̀ rìn pẹ̀lú.

Àwa tí a wà ní ilẹ̀ Yorùbá ní ìpín tí ó dára nínú ọ̀rọ̀ yìí, nítorí pé a kò jìnnà sí agbedeméjì ayé, èyí tí ó wà ní àríwá àti èyí tí ó wà ní gúúsù ni ó sì ń yọ sí wa. Ní nǹkan bí agogo mẹ́sàn-án alẹ́ ní àárín oṣù kọkànlá, nígbà tí òjò ti ń lọ tí ọyẹ́ kò sì tíì da eruku bo ojú sánmọ̀, Andromeda a wà lókè ní ìhà àríwá, agbo nọ́ńbà 45 a ti gòkè ní ìlà-oòrùn, Orion a sì máa yọ bọ̀ lẹ́yìn rẹ̀. Ní ìbẹ̀rẹ̀ oṣù kẹfà, bí òjò bá fún wa ní alẹ́ kan tí ó mọ́, ẹ kọjú sí gúúsù ní agogo mẹ́sàn-án kan náà, ẹ ó rí ohun bàìbàì kan tí ó dà bí ìràwọ̀ tí kò mú. Omega Centauri ni wọ́n ń pè é, agbo tí ó kó nǹkan bí mílíọ̀nù mẹ́wàá ìràwọ̀ sínú, ní ọ̀nà tí ó tó 17,000 ọdún ìmọ́lẹ̀. Halley kíyè sí i ní 1677 nígbà tí ó wà ní erékùṣù Saint Helena. Kò sí nínú ìwé Messier, nítorí pé kì í yọ sí ará Páríìsì títí ayé. Ọmọ oko wa tí kò ní awò lè rí ohun tí ọdẹ ojú ọ̀run kò rí rí. Ṣùgbọ́n bí ó bá ti rí i, kí ó má ṣe yára pè é ní ìràwọ̀ kan. Kí ó kọ́kọ́ béèrè bí ó ti jìnnà tó.